Teresa ti Ávila, Ìyá Àwọn Aláìwọ-bàtà

Bí ọ̀rọ̀ akọni obìnrin bá délẹ̀ láàrin wa, Mọremí ni a sábà máa ń kọ́kọ́ dárúkọ, Ìyálóde Tinúubú a sì tẹ̀ lé e. Ẹni tí mo fẹ́ sọ ìtàn rẹ̀ lónìí kì í ṣe ọmọ Yorùbá. Kò jagun, kò jẹ oyè, kò sì ṣòwò. Inú ilé àdúrà ni ó fi ara rẹ̀ pamọ́ sí, síbẹ̀ àwọn alágbára ìgbà ayé rẹ̀ kò lè fojú fò ó dá. Teresa ni orúkọ rẹ̀, ìlú Ávila ní ilẹ̀ Sípéènì ni ìlú rẹ̀. Òun ni ìyá àwọn sísítà Ìjọ Àgùdà tí a ń pè ní ará Kámẹ́lì Aláìwọ-bàtà. Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ. Òótọ́ ọ̀rọ̀ ni, ṣùgbọ́n obìnrin yìí rí i pé níbi tí a bá ti ń wo ilé tí ènìyàn ti wá kí a tó fún un ní ìjókòó, àdúrà kò lè fẹsẹ̀ múlẹ̀ níbẹ̀.

Kí a tó dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, ó yẹ kí a mọ ẹgbẹ́ tí ó wọ̀. Òkè Kámẹ́lì wà lẹ́bàá òkun, ní orílẹ̀-èdè Ísírẹ́lì òde òní. Ẹni tí ó bá ka Bíbélì mọ̀ ọ́n, nítorí níbẹ̀ ni wòlíì Èlíjà ti bá àwọn wòlíì Báálì figagbága. Ní nǹkan bí ọdún 1200, àwọn ọkùnrin kan tí wọ́n wá láti Yúróòpù fi ayé sílẹ̀, wọ́n lọ ń dá gbé lórí òkè yìí, lẹ́bàá ìsun omi tí wọ́n fi orúkọ Èlíjà pè. Albert, tí ó jẹ́ olórí Ìjọ ní Jerúsálẹ́mù, kọ òfin kúkúrú kan fún wọn láàrin ọdún 1206 sí 1214. Àdúrà, iṣẹ́ ọwọ́, àwẹ̀ àti ìdákẹ́jẹ́ ni òfin náà dá lé. Nígbà tí ogun le ní ilẹ̀ náà, wọ́n kó lọ sí Yúróòpù. Ní ọdún 1247, Póòpù Innocent Kẹrin tún òfin wọn ṣe kí wọ́n lè máa gbé láàrin ìlú. Ní ọdún 1432, Póòpù Eugene Kẹrin dẹ òfin náà sí i, ó gbà wọ́n láàyè láti máa jẹ ẹran lọ́jọ́ mélòó kan láàrin ọ̀sẹ̀, kí wọ́n sì máa jáde nínú yàrá wọn. Ní ọdún 1452 ni a ṣí ilẹ̀kùn ẹgbẹ́ náà fún àwọn obìnrin. Òfin tí a ti dẹ̀ yìí ni Teresa bá nílẹ̀.

Ọjọ́ 28 oṣù Kẹta ọdún 1515 ni wọ́n bí i. Alonso Sánchez de Cepeda ni bàbá rẹ̀, Beatriz de Ahumada sì ni ìyá rẹ̀. Ilé ọlá ni wọ́n kà á sí ní Ávila, ṣùgbọ́n ohun kan wà lábẹ́ aṣọ. Bàbá bàbá rẹ̀, Juan Sánchez, tí ó jẹ́ oníṣòwò aṣọ ní ìlú Toledo, jẹ́ ìran Júù tí wọ́n ti di Kristẹni. Ní ọdún 1485, Ilé-ẹjọ́ Ìwádìí Ìgbàgbọ́ dá a lẹ́bi pé ó ṣì ń ṣe ẹ̀sìn Júù. Wọ́n wọ̀ ọ́ ní aṣọ ẹ̀sín, wọ́n sì mú un rìn kiri àwọn ṣọ́ọ̀ṣì Toledo ní ọjọ́ Ẹtì méje. Lẹ́yìn náà ni ìdílé náà kó lọ sí Ávila, níbi tí ojú kò ti mọ̀ wọ́n. Nígbà tí Teresa wà ní kékeré, bàbá rẹ̀ àti àwọn àbúrò bàbá rẹ̀ pẹjọ́ kí wọ́n lè fìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé ọmọ ọlọ́lá ni àwọn, tí kì í san owó-orí. Ní Sípéènì ayé ọjọ́un, ẹni tí wọ́n bá mọ̀ pé ẹ̀jẹ̀ Júù wà lára rẹ̀ kò lè dé ọ̀pọ̀lọpọ̀ ipò nínú Ìjọ àti nínú ìlú. Láàrin ọdún 1940 sí 1949 ni àwọn òpìtàn tó tú ìwé ẹjọ́ náà síta tí gbogbo ayé fi mọ ohun tí ìdílé yìí ń bò mọ́lẹ̀.

Ọmọ tí kò lè jókòó jẹ́ẹ́ ni Teresa. Nígbà tí ó wà ní nǹkan bí ọmọ ọdún méje, òun àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ Rodrigo sá kúrò nílé. Wọ́n fẹ́ lọ sí ilẹ̀ àwọn Mọ́ọ̀ tí wọ́n jẹ́ Mùsùlùmí, kí wọ́n lè bẹ́ wọn lórí nítorí ìgbàgbọ́, kí wọ́n sì tètè dé ọ̀run. Àbúrò bàbá wọn ni ó pàdé wọn lẹ́yìn odi ìlú, ni ó bá fà wọ́n padà lọ́wọ́. Nígbà tí ó dàgbà díẹ̀, òun àti ìyá rẹ̀ a máa fi ara pamọ́ fún bàbá rẹ̀ ka ìwé ìtàn àwọn jagunjagun orí ẹṣin. Ìyá náà kú nígbà tí Teresa kò tíì pé ọmọ ọdún mẹ́rìnlá. Ó fẹ́ràn aṣọ, ó fẹ́ràn lọ́fínńdà, ó sì mọ ọ̀rọ̀ sọ lẹ́nu. Ní ọdún 1531 bàbá rẹ̀ fi í sọ́dọ̀ àwọn sísítà tí ń kọ́ àwọn ọmọge lẹ́kọ̀ọ́. Níbẹ̀ ni ọkàn rẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀ sí í yí. Bàbá rẹ̀ kò fẹ́ kí ó di sísítà, ṣùgbọ́n ní ọjọ́ 2 oṣù Kọkànlá ọdún 1535, ó jí jáde nílé lówùúrọ̀, ó sì lọ wọ ilé àwọn ará Kámẹ́lì tí wọ́n ń pè ní Encarnación. Ọmọ ogún ọdún ni.

Kò pẹ́ tí ó jẹ́jẹ̀ẹ́ ni àìsàn dá a dùbúlẹ̀. Wọ́n gbé e lọ sọ́dọ̀ obìnrin oníṣègùn kan ní ìletò Becedas, ṣùgbọ́n ìtọ́jú náà ló fẹ́rẹ̀ẹ́ pa á. Ní oṣù Kẹjọ ọdún 1539 ó dákú fún nǹkan bí ọjọ́ mẹ́rin. Wọ́n gbẹ́ ibojì rẹ̀ sílẹ̀, wọ́n kán ìda sí ìpéǹpéjú rẹ̀ bí wọ́n ti ń ṣe fún òkú. Bàbá rẹ̀ nìkan ni ó kọ̀, kò jẹ́ kí wọ́n sin ín. Nígbà tí ó lajú, kò lè gbé apá, kò lè gbé ẹsẹ̀. Nǹkan bí ọdún mẹ́ta ni ó fi jẹ́ arọ. Nígbà tí ó kọ́kọ́ lè rá kòrò, ó dúpẹ́.

Ilé Encarnación tí ó padà sí kì í ṣe ilé búburú, ṣùgbọ́n èrò pọ̀ níbẹ̀ jù. Àwọn obìnrin inú rẹ̀ lé ní 150. Bí ayé ti rí lóde ni ó rí nínú ilé náà. Ọmọ ọlọ́rọ̀ ní yàrá tirẹ̀, ó lè ní ọmọ-ọ̀dọ̀, wọ́n sì ń pè é ní Doña, orúkọ ọlá tí wọ́n ń pe obìnrin ọlọ́lá. Ọmọ tálákà sì ń sùn nínú gbọ̀ngàn pẹ̀lú ogunlọ́gọ̀. Oúnjẹ kì í káríi, nítorí náà wọ́n a máa yọ̀ǹda kí sísítà lọ gbé nílé ìbátan rẹ̀ fún oṣù mélòó kan. Àlejò a máa wọlé, wọn a máa jáde. Doña Teresa de Ahumada ni wọ́n ń pe Teresa níbẹ̀, yàrá rẹ̀ dára, àwọn ènìyàn sì fẹ́ràn àtimáa bá a tàkúrọ̀sọ. Ṣùgbọ́n bí ó bá kúnlẹ̀, àdúrà kì í wá. Fún nǹkan bí ọdún méjìdínlógún ni ó fi ń jìjàkadì bẹ́ẹ̀. Ó jẹ́wọ́ nínú ìwé rẹ̀ pé nígbà mìíràn, aago ni òun ń tẹ́tí sí kí wákàtí àdúrà lè tètè pé. Ẹni tí ó bá ti jókòó nínú kíláàsì ọ̀sán mọ ohun tí ó ń sọ. Ìgbà kan wà tí ó tilẹ̀ fi àdúrà sílẹ̀ pátápátá fún ọdún kan tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Ọdún 1554 ni ilẹ̀ mọ́ fún un. Ó wọ ilé àdúrà, ó sì rí ère Jésù tí ọgbẹ́ bò lára, tí wọ́n gbé síbẹ̀ fún ọdún kan. Ó ṣubú lulẹ̀, ó sunkún. Ní àkókò kan náà ni ìwé Ìjẹ́wọ́ tí Augustine Mímọ́ kọ tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́, ó sì rí ara rẹ̀ nínú rẹ̀. Láti ìgbà náà lọ ni ó bẹ̀rẹ̀ sí í rí ìran. Èyí mú wàhálà wá. Àwọn fadá kan sọ pé èṣù ni ó ń tàn án, ọ̀kan tilẹ̀ pàṣẹ fún un pé kí ó máa fi ìka ṣe àmì èébú sí ìran náà bí ó bá tún farahàn. Ó ṣe bẹ́ẹ̀ nítorí ìgbọràn, ó sì ń sunkún bí ó ti ń ṣe é. Ní ọdún 1560, Pedro de Alcántara, ẹni tí gbogbo ìlú gbà pé ó jẹ́ ènìyàn Ọlọ́run, gbọ́ ọ̀rọ̀ rẹ̀, ó sì fọkàn rẹ̀ balẹ̀.

Ìgbà yìí ni Teresa pinnu láti dá ilé kékeré kan sílẹ̀, níbi tí wọn yóò ti padà sí òfin Kámẹ́lì àtijọ́. Àbúrò rẹ̀ obìnrin, Juana, àti ọkọ rẹ̀ ra ilé náà bí ẹni pé tiwọn ni. Lorenzo arákùnrin rẹ̀, tí ó wà ní Quito ní Gúúsù Amẹ́ríkà, fi owó ránṣẹ́ ní àkókò tí owó tán lọ́wọ́. Ní ọjọ́ 24 oṣù Kẹjọ ọdún 1562, wọ́n lu agogo kékeré kan, ilé Joseph Mímọ́ sì di ilé, pẹ̀lú ọmọbìnrin mẹ́rin péré. Ọmọ ọdún mẹ́tàdínláàádọ́ta ni Teresa nígbà náà. Pípẹ́ ni yóò pẹ́, akólòlò yóò pe baba. Ìlú gbóná. Ìgbìmọ̀ ìlú ní àwọn kò lè máa bọ́ ilé mìíràn tí kò ní owó tí ń wọlé, wọ́n fẹ́ fọ́ ilẹ̀kùn, wọ́n sì pẹjọ́. Àwọn ọmọdébìnrin mẹ́rin náà fi igi ti ilẹ̀kùn láti inú, wọn kò sì jáde.

Báwo ni ìgbésí ayé ṣe rí nínú ilé yìí? Teresa kọ́kọ́ fi iye wọn sí mẹ́tàlá, ó sì wá gbà kí ó tó mọ́kànlélógún nígbà tó yá, kí gbogbo wọn lè mọ ara wọn. Aṣọ tí ó le ni wọ́n ń wọ̀, sálúbàtà okùn ni wọ́n ń wọ̀ dípò bàtà, ìdí nìyẹn tí a fi ń pè wọ́n ní Aláìwọ-bàtà. Wọn kì í jẹ ẹran àfi bí àìsàn bá dé. Wọ́n ń ran òwú, wọ́n sì ń ta á. Wákàtí méjì lójoojúmọ́ jẹ́ ti àdúrà ìdákẹ́jẹ́, ọ̀kan láàárọ̀, ọ̀kan nírọ̀lẹ́, yàtọ̀ sí orin àti Sáàmù tí wọ́n ń kọ́ pọ̀. Ṣùgbọ́n àkókò eré àti ẹ̀rín wà nínú òfin náà pẹ̀lú, nítorí Teresa kò fẹ́ràn ẹni mímọ́ tí ń fajú ro. Òun fúnra rẹ̀ a máa lu ìlù kékeré, a máa jó. Lékè gbogbo rẹ̀, ó fòpin sí Doña. Òun fúnra rẹ̀ jọ̀wọ́ orúkọ ìdílé rẹ̀, ó di Teresa ti Jésù. Ọmọ ọlọ́lá àti ọmọ tálákà ń gbálẹ̀ ní ìyípo, wọ́n ń fọ ìkòkò ní ìyípo, olórí ilé ni orúkọ rẹ̀ sì máa ń ṣáájú lórí ìwé àwọn tí yóò gbálẹ̀. Ẹni tí ó bá ń sọ̀rọ̀ nípa ìdílé bàbá rẹ̀, ó kà á sí àrùn tí ń ràn.

Ẹ̀kọ́ rẹ̀ lórí àdúrà kò ṣòroó yé. Ó ní bíbá ọ̀rẹ́ tí a mọ̀ pé ó fẹ́ràn wa sọ̀rọ̀ ní ìkọ̀kọ̀ ni. Ó fi í wé ọgbà tí a ń bomi rin. Lákọ̀ọ́kọ́, a ń fi ọwọ́ fa omi láti inú kànga, apá a sì máa ro ni. Lẹ́yìn náà, ẹ̀rọ tí a ń yí ń bá wa fa á, iṣẹ́ a dínkù, omi a pọ̀ sí i. Nígbà tó yá, odò ń ṣàn wọ inú ọgbà. Lópin, òjò Ọlọ́run ń rọ̀, ológbà kò sì ṣe nǹkan kan mọ́. Àwa tí a ń rí àwọn àgbẹ̀ Àríwá tí ń bomi rin oko àlùbọ́sà nígbà ẹ̀ẹ̀rùn mọ bí omi ìkíní ti wúwo tó.

Ní ọdún 1567 olórí ẹgbẹ́ Kámẹ́lì wá láti Róòmù, ohun tí ó rí ní Ávila wù ú, ó sì fún Teresa ní àṣẹ láti dá ilé mìíràn sílẹ̀. Láti ọjọ́ náà, obìnrin aláìlera yìí di arìnrìn-àjò. Nínú kẹ̀kẹ́ ẹrù tí ẹranko ń fà ni ó wà, nínú oòrùn, nínú yìnyín, nínú àkúnya odò. Ní Medina del Campo ni ó ti pàdé ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí kò ga, ọmọ ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n, ọmọ ẹni tí ń hun aṣọ. Juan ti Àgbélébùú ni a mọ̀ ọ́n sí lónìí. Pẹ̀lú rẹ̀ ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀ ilé àwọn ọkùnrin Aláìwọ-bàtà ní Duruelo ní ọdún 1568.

Ìtàn méjì kan àwa akẹ́kọ̀ọ́ gbọ̀ngbọ̀n. Ní Toledo, ní ọdún 1569, Teresa wá ilé fún bí oṣù méjì, àwọn ọlọ́rọ̀ kò rí i fún un. Owó ọwọ́ rẹ̀ kò ju bí owó wúrà mẹ́ta tàbí mẹ́rin lọ. Ó fi ra àwòrán méjì, ibùsùn koríko méjì àti aṣọ ìbora kan. Akẹ́kọ̀ọ́ tálákà kan tí ń jẹ́ Andrada wá bá a, ó ní òun yóò ràn án lọ́wọ́. Àwọn sísítà yòókù rẹ́rìn-ín aṣọ ara rẹ̀, wọ́n ní irú ẹni báyìí kò yẹ kí a rí pẹ̀lú àwọn. Teresa fọkàn tán an. Láàrin ọjọ́ díẹ̀ akẹ́kọ̀ọ́ náà dé pẹ̀lú kọ́kọ́rọ́ ilé lọ́wọ́. Ní ìlú kan náà, àwọn ọlọ́lá bínú pé ìdílé oníṣòwò tí kì í ṣe ọmọ ọlọ́lá ni yóò ní ẹ̀tọ́ láti sin òkú wọn sínú ilé àdúrà náà. Teresa ṣiyèméjì díẹ̀, lẹ́yìn náà ó gbà fún oníṣòwò náà. Toledo kan náà ni wọ́n ti mú bàbá bàbá rẹ̀ rìn kiri nínú aṣọ ẹ̀sín.

Ìkejì ṣẹlẹ̀ ní Salamanca, ìlú yunifásítì, ní ọdún 1570. Ilé tí wọ́n rí gbà, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ni ó ń gbé inú rẹ̀, wọ́n sì ní kí wọ́n kó jáde. Wọ́n fi ilé náà sílẹ̀ ní ìdọ̀tí tó bẹ́ẹ̀ tí Teresa àti sísítà kejì rẹ̀ fi gbogbo òru gbá a. Ní òru kejì, sísítà náà ń gbọ̀n, ó rò pé akẹ́kọ̀ọ́ kan tí inú ń bí ṣì fara pamọ́ sínú àjà. Agogo àwọn òkú sì ń dún ní gbogbo ṣọ́ọ̀ṣì. Ó bi Teresa pé kí ni yóò ṣe bí òun bá kú síbẹ̀ lóru náà. Teresa dá a lóhùn pé bí ìyẹn bá ṣẹlẹ̀, òun yóò ro ohun tí òun yóò ṣe, ṣùgbọ́n ní báyìí kí ó jẹ́ kí òun sùn.

Kì í ṣe ẹ̀rín nìkan. Ọmọ-aládé obìnrin ti Éboli, tí ọkọ rẹ̀ kú ní ọdún 1573, wọ ilé Pastrana pẹ̀lú gbogbo ìgbéraga rẹ̀, ó fẹ́ kí àwọn sísítà máa kúnlẹ̀ fún òun. Ní ọdún 1574 Teresa kó àwọn ọmọ rẹ̀ jáde níbẹ̀ lóru. Wọ́n fi ẹjọ́ rẹ̀ sun Ilé-ẹjọ́ Ìwádìí Ìgbàgbọ́, àwọn wọ̀nyí sì gba ìwé ìtàn ayé rẹ̀ yẹ̀ wò. Ní ọdún 1575 àwọn olórí ẹgbẹ́ pàṣẹ pé kí ó jókòó sójú kan. Ní oṣù Kejìlá ọdún 1577, àwọn ará Kámẹ́lì tí kò fẹ́ àtúnṣe jí Juan gbé, wọ́n tì í mọ́ yàrá híhá ní Toledo fún bí oṣù mẹ́sàn-án kí ó tó sá jáde. Teresa kọ lẹ́tà sí Ọba Philip Kejì fúnra rẹ̀ nítorí rẹ̀. Ní ọdún 1580 ni Póòpù Gregory Kẹtàlá fún àwọn Aláìwọ-bàtà láàyè láti dá dúró ní ẹ̀ka tiwọn.

Nínú ọdún tí ilẹ̀ gbóná jù yẹn, láàrin oṣù Kẹfà sí oṣù Kọkànlá ọdún 1577, ni ó kọ ìwé rẹ̀ tí ó jinlẹ̀ jù lọ, Ààfin Inú. Ó ní ọkàn ènìyàn dà bí ààfin dígí tí ó ní ọ̀wọ́ yàrá méje, Ọba sì ń gbé ní àárín gbùngbùn. Àdúrà ni ilẹ̀kùn rẹ̀. Ọ̀pọ̀ wa ni ó ń gbé àgbàlá láàrin alángbá àti ejò, tí a kò mọ̀ pé ilé wa ni ààfin. Ẹ kíyè sí i pé kò sí ọkàn ọlọ́lá àti ọkàn tálákà nínú ìwé náà. Ààfin ni olúkúlùkù. Bí ènìyàn bá sì dé yàrá keje, kò jókòó síbẹ̀ kawọ́ gbera. Iṣẹ́ àti ìfẹ́ ọmọnìkejì ni wọ́n fi ń mọ̀ pé ó débẹ̀.

Ilé àwọn obìnrin tí a kà sí i lọ́rùn jẹ́ 17. Àwọn ọmọ rẹ̀ ni ó rán lọ dá méjì nínú wọn, Caravaca àti Granada, sílẹ̀. Burgos ni ó dá kẹ́yìn, ní ọdún 1582. Bí ó ti ń padà bọ̀, ó fẹ́ lọ sí Ávila, wọ́n pàṣẹ pé kí ó yà sí Alba de Tormes. Ibẹ̀ ni ó kú sí ní alẹ́ ọjọ́ 4 oṣù Kẹwàá ọdún 1582. Òru náà gan-an ni wọ́n yí kàlẹ́ńdà padà, tí ọjọ́ kejì fi di ọjọ́ 15. Ọjọ́ 15 oṣù Kẹwàá ni Ìjọ Àgùdà fi ń ṣe ìrántí rẹ̀ títí di òní. Ní ọdún 1622 wọ́n kéde rẹ̀ ní Ẹni Mímọ́. Ní ọdún 1970 Póòpù Paul Kẹfà fún un ní oyè Olùkọ́ Ìjọ, òun sì ni obìnrin àkọ́kọ́ tí ó gba oyè náà.

Ìdílé tí ó dá sílẹ̀ kò parun. Therese ti Lisieux, tí ó kú ní ọdún 1897 ní ọmọ ọdún mẹ́rìnlélógún, ọmọ rẹ̀ ni. Ní ọdún 1921, obìnrin Júù kan ní ilẹ̀ Jámánì, ọ̀mọ̀wé Edith Stein, ka ìwé ìtàn ayé Teresa, ó rí òtítọ́ tí ó ti ń wá níbẹ̀, ó sì wọ ilé Kámẹ́lì ní ọdún 1933. Àwọn Násì pa á ní Auschwitz ní ọdún 1942 nítorí pé Júù ni. Ohun tí wọ́n tìtorí rẹ̀ mú bàbá bàbá Teresa rìn ní ìtìjú ni wọ́n tìtorí rẹ̀ pa ọmọ Teresa.

Ẹ̀yin ará, ẹ jẹ́ kí a mú un wá sílé. Nínú ẹgbẹ́ wa yìí, a ń jókòó ní Ìjẹ̀bú-Ìjẹ̀bú, ní Èkìtì-Èkìtì, ní Ọ̀yọ́-Ọ̀yọ́. Àwa tí wọ́n bí sí ìdálẹ̀, tí ohùn wa kò dà bí ti ará ilé, a mọ bí ẹ̀rín ti ń rí bí a bá la ẹnu sọ̀rọ̀, tí wọ́n á sì máa bi wá pé ọmọ ibo gan-an ni wá. Oríkì dára, ìdílé sì dára. Èmi kò ní kí ẹnikẹ́ni ju tirẹ̀ nù. Ṣùgbọ́n bí ìpàdé bá tán, tí a fẹ́ gbá gbọ̀ngàn, ẹ jẹ́ kí a wo orúkọ ta ni yóò ṣáájú lórí ìwé. Bí ó bá jẹ́ ti ààrẹ ẹgbẹ́, a ti bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ilé tí ènìyàn lè dákẹ́ jẹ́ẹ́ nínú rẹ̀.